Olúwa mi, ẹni tó ní adájọ́ máa ṣègbè, ẹ fún un lésì

Lẹ́tà ṣíṣí sí Adájọ́ Àgbà Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́, Ilé Ẹjọ́ Gíga, Ring Road, Ìbàdàn

Olúwa mi,

Mo kí yín o, ẹ kú iṣẹ́ ìlú. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ jẹ́ kí n máa pè yín bẹ́ẹ̀. Ó lé ní ọgbọ̀n ọdún tí ẹnu mi fi pe àwọn tó jókòó sórí àga ìdájọ́ ní Olúwa mi, ahọ́n mi ò sì lè yí padà mọ́ báyìí. Ògbufọ̀ kóòtù ni mí kí n tó fẹ̀yìn tì. Èmi ni mo máa ń dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ àpótí ẹlẹ́rìí. Tí adájọ́ bá sọ̀rọ̀ lédè Gẹ̀ẹ́sì, màá sọ ọ́ ní Yorùbá fún bàbá àgbẹ̀ tó ti Àkànràn wá. Tí bàbá bá fèsì, màá gbé e padà fún adájọ́, òun náà á máa fọwọ́ kọ ọ́ sínú ìwé ńlá rẹ̀, gbogbo wa á dákẹ́ títí yóò fi kọ ọ́ tán.

Ọ̀rọ̀ àwọn tó ń kọ̀wé pé kí ẹ gba ẹjọ́ ọ̀daràn wọn lọ́wọ́ adájọ́ kan, kí ẹ gbé e fún òmíràn, ló gbé mi dé iwájú yín. Wọ́n ní ọkàn àwọn ò balẹ̀, wọ́n ní adájọ́ náà ti ń ṣègbè tàbí pé ó máa ṣègbè. Ohun tí mo fẹ́ tọrọ kò pọ̀: kí irú ìwé bẹ́ẹ̀ máa ní èsì, kí èsì náà wà lákọsílẹ̀, kó sọ ìdí, kó sì jáde kí ẹlẹ́rìí àkọ́kọ́ tó gun àpótí. Ṣùgbọ́n kí n tó tọrọ, mo ní ohun kan láti jẹ́wọ́.

Ó ti pẹ́. Kóòtù májísíréètì kan ni, n kò ní sọ èyí tó jẹ́, ẹni tó ń dájọ́ níbẹ̀ nígbà náà sì ti lọ sọ́run. Wọ́n mú ọmọkùnrin kan wọlé, kò lè ju ọmọ ogún ọdún ó lé díẹ̀ lọ. Wọ́n ní ó jí jẹnẹrétọ̀. Wọn ò tíì ka ẹ̀sùn tán tí májísíréètì fi gbójú sókè wò ó, tó sì sọ lédè Gẹ̀ẹ́sì pé òun mọ irú wọn, pé ojú olè kì í fara sin, pé kó tètè sọ pé òun jẹ̀bi, kó má jẹ́ kí ilẹ̀ ṣú mọ́ òun síbí. Ó wá yíjú sí mi: ó yá, sọ fún un.

Olúwa mi, ohun tí mo sọ fún ọmọ náà rèé: "Adájọ́ ní kó o fara balẹ̀, kó o sọ òtítọ́. Ṣé o jẹ̀bi àbí o ò jẹ̀bi?"

Mo rò pé àánú ni mo ṣe. Mo tún rò pé mo bo kóòtù láṣìírí, nítorí ọ̀rọ̀ tí májísíréètì sọ yẹn kò yẹ ibi tó ti sọ ọ́. Ọmọ náà ní òun ò jẹ̀bi. Ẹjọ́ ń lọ, kò ní lọ́yà, ìgbà tó yá wọ́n sọ ọ́ sẹ́wọ̀n. N kò mọ̀ bóyá ó jí jẹnẹrétọ̀ náà àbí kò jí i, ìyẹn kọ́ ni mò ń sọ. Ká ní ó gbọ́ ohun tí wọ́n sọ sí i gan-an ni, ó lè ní, "Ẹ gbé ẹjọ́ mi kúrò níwájú ọkùnrin yìí, ó ti dá mi lẹ́bi kó tó gbọ́ tẹnu mi." Ẹ̀bẹ̀ tó lẹ́sẹ̀ nílẹ̀ nìyẹn. Èmi tí wọ́n gbà síṣẹ́ kó lè gbọ́rọ̀, èmi ni mo di etí rẹ̀. Òfin ilẹ̀ wa ti ọdún 1999, ní abala 36, sọ pé ẹni tí kò gbọ́ èdè tí wọ́n ń sọ ní kóòtù gbọ́dọ̀ rí ògbufọ̀ láìsan kọ́bọ̀. Ó rí ògbufọ̀ láìsan kọ́bọ̀ lóòótọ́.

Láti ọjọ́ náà ni mo ti ń fetí sí ohun tí àwọn èèyàn ń sọ lórí bẹ́ńṣì ìta kóòtù, níbi tí adájọ́ kì í dé. Ẹ̀yin tí ẹ wà lókè, ìwé tí lọ́yà tẹ̀, tó di, tó fi àfidáfíìtì lé lórí ni ẹ̀ ń rí. Ibi tí ẹ̀rù náà ti ń bẹ̀rẹ̀ yàtọ̀ síbẹ̀. Ìyá kan á na ọwọ́ sí mọ́tò adájọ́ tó ń wọlé, á ní, "Ẹ ò rí i pé ṣọ́ọ̀ṣì kan náà ni sítíkà ẹ̀yìn mọ́tò yẹn pẹ̀lú ti bàbá ọmọ tó pa ọmọ mi?" Òmíràn á ní òun rí lọ́yà ìjọba tó ti yàrá adájọ́ jáde láàárọ̀, ó ń rẹ́rìn-ín. Èmi mọ̀ pé ó lọ gba déètì ẹjọ́ mìíràn ni. Mélòó ni mo fẹ́ ṣàlàyé fún? Ta ló sì máa gba ògbufọ̀ gbọ́, nígbà tó jẹ́ pé tábìlì adájọ́ náà lèmi alára jókòó tì?

Ìbàdàn tóbi, kò sẹ́ni tó lè rìn ín já, ṣùgbọ́n tọ́rọ̀ bá di ti ìbátan, abúlé ni. Adájọ́ àti olùpẹjọ́ jọ jáde níléèwé girama kan náà ni, ẹgbẹ́ akẹ́kọ̀ọ́ jáde sì ń kó wọn jọ lọ́dọọdún. Ìyàwó adájọ́ àti ẹ̀gbọ́n olùjẹ́jọ́ jọ wà nínú àṣàlátù kan. Agbo ilé ìyá adájọ́ ní Ìsàlẹ̀-Ọ̀ṣun ò ju ìdúró àti ìbẹ̀rẹ̀ sí agbo ilé olóògbé. Ó wọ aṣọ ẹbí pẹ̀lú lọ́yà kan níbi ìgbéyàwó ní Jericho, fọ́tò náà sì wà lórí Facebook, gbogbo ayé ti rí i. Tí a bá ní gbogbo èyí tó láti gbé ẹjọ́ kúrò, ó di kí a lọ yá adájọ́ wá láti Máídúgùrí, nígbà tó bá sì fi máa lo ọdún méjì níbí, òun náà á ti di alága níbi ìsọmọlórúkọ.

Nítorí náà n kò sí lẹ́yìn àwọn tó ń rò pé gbogbo ojúlùmọ̀ ni ìṣègbè. Mo ti rí pẹtíṣọ̀n tó jẹ́ pé kìkì ohun tó wà nínú rẹ̀ ni pé adájọ́ kọ̀ láti fún olùjẹ́jọ́ ní bélì. Adájọ́ tó kọ bélì kì í ṣe ọ̀tá. Òkè ni wọ́n ń gbé irú ìyẹn lọ, sí Kóòtù Kòtẹ́milọ́rùn. Mo ti rí òmíràn tí wọ́n ní adájọ́ jágbe mọ́ lọ́yà. Lọ́yà ọ̀hún pẹ́ dé fún ìgbà kẹrin ni, aago mélòó ni kí adájọ́ máa wò?

Àmọ́ àwọn nǹkan kan wà tí kò yẹ kí ẹ dúró bèèrè ẹ̀rí púpọ̀ lórí wọn. Tí adájọ́ bá ní owó tàbí ilẹ̀ nínú ọ̀rọ̀ náà. Tí ẹ̀jẹ̀ tàbí àna bá so òun àti ọ̀kan nínú wọn pọ̀. Tó bá ti ṣe lọ́yà fún wọn rí lórí ọ̀rọ̀ náà kó tó di adájọ́. Tó bá ti la ẹnu sọ ibi tí ìdájọ́ máa já sí kó tó gbọ́ ẹjọ́, bíi májísíréètì tèmi yẹn. Òfin ò ní kí ẹ wo inú ọkàn rẹ̀, torí kò sẹ́ni tó rí inú. Ohun tó ní kí ẹ bèèrè ni pé, ẹni tó lóye, tí kì í ṣe ẹbí ẹnikẹ́ni, tó jókòó lẹ́yìn kóòtù, tó mọ gbogbo bó ṣe jẹ́, kí ni irú ẹni bẹ́ẹ̀ máa rò?

Ìtàn kan wà tí gbogbo lọ́yà mọ̀. Nígbà tí mo gbọ́ ọ lẹ́nu adájọ́ kan tí mo bá ṣiṣẹ́, oorun ò kùn mí lálẹ́ ọjọ́ náà. Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ni, ní agbègbè Sussex, ọdún 1923. Ọkùnrin kan tó ń jẹ́ McCarthy gun alùpùpù, ìjàǹbá ṣẹlẹ̀, wọ́n gbé e lọ sí kóòtù pé ó wa ìwàkuwà. Akọ̀wé tó wà ní kóòtù lọ́jọ́ náà, ilé iṣẹ́ lọ́yà tirẹ̀ ló ń ṣojú ẹni tí McCarthy kọ lù, tó fẹ́ gba owó gbà-máà-bínú. Nígbà tí àwọn tó ń dájọ́ wọ yàrá lọ láti gbìmọ̀, akọ̀wé bá wọn wọlé, bó ṣe máa ń ṣe tẹ́lẹ̀. Kò sọ ohunkóhun, wọn ò sì bi í ní ohunkóhun. Àmọ́ nígbà tí ọ̀rọ̀ dé iwájú adájọ́ àgbà wọn, Lord Hewart, ó fagi lé ìdálẹ́bi náà. Ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ tí gbogbo ayé ń tún sọ ti jáde, pé kò tó kí a ṣe ìdájọ́ òdodo, ó gbọ́dọ̀ hàn sójú táyé pé a ṣe é.

Akọ̀wé tó dákẹ́ ba ẹjọ́ jẹ́. Èmi wá ńkọ́, tí mo sọ̀rọ̀?

Àwọn kan máa ń sọ pé ẹ̀rù adájọ́ jẹ́ àrékérekè olówó, pé ẹni tí ẹ̀rí ti dè mọ́lẹ̀ ló ń wá adájọ́ mìíràn kiri. Irọ́ kọ́, ṣùgbọ́n kì í ṣe gbogbo rẹ̀ nìyẹn. Àwọn àgbà Ìbàdàn ò lè gbàgbé ọdún 1965. Ìjọba Akíntọ́lá ló wà nípò, ìbò oṣù Kẹwàá ti dá wàhálà sílẹ̀ káàkiri Ìwọ̀ Oòrùn. Wọ́n fẹ̀sùn kan Wọlé Ṣóyínká pé ó gbé ìbọn wọ ilé iṣẹ́ rédíò ní Ìbàdàn níbí, pé ó fi téèpù tirẹ̀ rọ́pò ọ̀rọ̀ Akíntọ́lá. Iwájú Adájọ́ Káyọ̀dé Ẹ̀ṣọ́ ni ẹjọ́ náà wà. Ta ni kò ní rò pé ẹni tí ìjọba ń sanwó oṣù fún máa ṣe tìjọba? Oṣù Kejìlá ọdún yẹn kan náà ni Ẹ̀ṣọ́ dá Ṣóyínká sílẹ̀, ó ní ẹ̀rí tí olùpẹjọ́ kó wá kò dúró. Kò tó oṣù mẹ́ta tí gbogbo rẹ̀ fi bẹ̀rẹ̀ tó sì parí. Mo máa ń rántí ìyẹn tí mo bá rí fáìlì tó ti wà nínú kọ́bọ́ọ̀dù láti ìgbà tí ọmọ mi wà níléèwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀.

Kì í ṣe gbogbo adájọ́ ni Ẹ̀ṣọ́, ẹ̀yin pẹ̀lú mọ̀ bẹ́ẹ̀. Torí náà ni òfin ṣe fi kọ́kọ́rọ́ sọ́wọ́ Adájọ́ Àgbà. Òfin Ìṣàkóso Ìdájọ́ Ọ̀daràn ti ọdún 2015, èyí tí wọ́n ń lò ní kóòtù ìjọba àpapọ̀ àti ní Àbújá, ní abala 98, sọ pé Adájọ́ Àgbà lè gbé ẹjọ́ láti kóòtù kan sí òmíràn tó bá jẹ́ pé ìyẹn ló máa jẹ́ kí òdodo wáyé tàbí kí ìlú tòrò. Ṣùgbọ́n ó so okùn mọ́ agbára náà. Tí olùpẹjọ́ bá ti pe ẹlẹ́rìí, agbára náà ti bọ́. Tó bá sì jẹ́ pẹtíṣọ̀n ló bí i, ó ní kí Adájọ́ Àgbà jẹ́ kí àwọn lọ́yà tó lórúkọ rere, tí kò ju mẹ́ta lọ, yẹ̀ ẹ́ wò láàárín ọ̀sẹ̀ kan tí ó dé. Àwọn ìpínlẹ̀ ló ń ṣe òfin tiwọn, ẹ̀yin ni ẹ sì mọ tiwa, n kò ní máa ka òfin fún ẹni tó ń ṣe òfin lò. Ọgbọ́n tó wà nínú ìdè méjèèjì yẹn ni mo fẹ́ kí a wò: kíá, àti kí ẹlẹ́rìí tó sọ̀rọ̀. Mo rí ohun tó ń ṣẹlẹ̀ níbi tí wọn ò ti tẹ̀ lé wọn.

Ọmọ àbúrò mi obìnrin ni wọ́n pa. Kì í ṣe Ìbàdàn, kì í ṣe ìpínlẹ̀ yìí, n kò sì ní dárúkọ ibẹ̀. Káfíńtà ni ọmọ náà, iṣẹ́ òrùlé ló gbé e lọ. Ìjà ṣẹlẹ̀ lórí owó iṣẹ́, wọ́n la igi mọ́ ọn lórí. Ọmọ ẹni ńlá nílùú yẹn ni wọ́n mú. Nígbà tí a gbọ́ orúkọ bàbá rẹ̀, àwa ni ẹ̀rù kọ́kọ́ bà, kì í ṣe àwọn. A ní adájọ́ tó ń gbé nílùú yẹn, tó ń ra epo ní ilé epo bàbá olùjẹ́jọ́, báwo ló ṣe máa dájọ́ fún ọmọ Ìbàdàn? A fẹ́ kọ̀wé. Lọ́yà tí a bá sọ̀rọ̀ ní ẹjọ́ ọ̀daràn kì í ṣe tiwa, ìjọba ló ni ín, pé ẹlẹ́rìí lásán ni ìyá tó bímọ. Mo mọ̀ bẹ́ẹ̀ tẹ́lẹ̀, ọdún mélòó ni mo fi ń túmọ̀ ọ̀rọ̀ yẹn fún àwọn ẹlòmíràn. Ó yàtọ̀ nígbà tí wọ́n sọ ọ́ fún mi.

Adájọ́ náà wá jẹ́ ẹni gidi. Ó ń jókòó lásìkò, kì í fi ẹjọ́ ṣeré. Ọjọ́ tí àbúrò mi gun àpótí, ẹkún gbà á, adájọ́ dáwọ́ ìwé kíkọ dúró, ó ní, "Màmá, ẹ pẹ̀lẹ́. Ẹ fún wọn lómi." Gbogbo ohun tó sọ nìyẹn. Ẹlẹ́rìí méjì mìíràn sọ tiwọn tẹ̀ lé e. Ọ̀kan ni ìyá tó ń ta mọ́ínmọ́ín ní òdìkejì ilé tí wọ́n ń kọ́, òun ló rí i tí igi gòkè tó sì sọ̀ kalẹ̀. Lọ́yà bi í ní ìbéèrè títí, kò yẹ̀ lórí ohun tó rí.

Nígbà tí a tún padà lọ, a kúrò n'Íbàdàn kí àwọn aláàárọ̀ tó pe ìrun. A dé ibẹ̀, kò sí nọ́ńbà ẹjọ́ wa lára ìwé tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ògiri. Akọ̀wé ní fáìlì ti lọ sọ́dọ̀ Adájọ́ Àgbà. Ìgbà wo? Kò mọ̀. Kí ló dé? Wọ́n kọ pẹtíṣọ̀n. Ẹ̀yìn oṣù méje ni a tó gbọ́ pé ẹjọ́ wa ti wà lọ́dọ̀ adájọ́ mìíràn, ẹnu àlejò ni a sì ti gbọ́ ọ. Ìgbà yẹn náà la tó mọ ohun tí wọ́n kọ sínú pẹtíṣọ̀n. Wọ́n ní adájọ́ bá ìyá olóògbé kẹ́dùn ní gbangba kóòtù, pé ó ní kí wọ́n fún un lómi.

Bóyá ìdí mìíràn wà tó nípọn ju omi lọ tí Adájọ́ Àgbà ibẹ̀ fi gbé e. Ó ṣeé ṣe, n kò purọ́ mọ́ ọn. Ṣùgbọ́n kò sí ìwé kankan tó sọ ọ́, nítorí náà ohun tí àwa gbà gbọ́ títí dòní ni pé owó ló ṣiṣẹ́. Àwọn tí wọ́n gbé ẹjọ́ kúrò fún pàápàá, ohun tí wọ́n gbà gbọ́ nìyẹn. Mo gbọ́ ọmọ ìyá olùjẹ́jọ́ tó ń fọ́nnu lórí fóònù lẹ́yìn kóòtù. Adájọ́ àkọ́kọ́ yẹn ńkọ́? Kò sẹ́ni tó sọ fún ayé pé kò jẹ̀bi ohunkóhun. Ó ku òun àti orúkọ rẹ̀.

Ẹjọ́ wá bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀. Ẹ̀yin lọ́yà ní èdè Látìn tí ẹ fi ń pè é, de novo, ó dùn létí. Ìtumọ̀ rẹ̀ fún àbúrò mi ni pé kó tún lọ sunkún lẹ́ẹ̀kejì. Ó yé mi dáadáa, adájọ́ tuntun ò lè dájọ́ lórí ojú tí kò rí. Ó fẹ́ wo bí ẹlẹ́rìí ṣe ń dáhùn, bóyá ó ń gbọ̀n, bóyá ó ń rántí ni àbí ó ń ṣe é látinú orí. Ṣùgbọ́n ìyá alámọ̀ínmọ́ín ti kú. Ẹlẹ́rìí kẹta ti kó lọ sí Kùtọnù. Ọmọ iṣẹ́ tó bá olóògbé lọ, tó yẹ kó wá jẹ́rìí tẹ̀ lé wọn, ti rí bí nǹkan ṣe ń lọ, ó ní, "Bàbá, àwọn tó ti sọ tẹnu wọn ńkọ́, ṣé wọn ò kọ ọ́ sílẹ̀ ni?" Òfin Ẹ̀rí ti ọdún 2011 gbà pé kí wọ́n lo ohun tí ẹni tó ti kú sọ nínú ìgbẹ́jọ́ ìṣáájú, tó bá jẹ́ pé apá kejì ti láǹfààní láti bi í ní ìbéèrè. Ẹ wá rí iye déètì tí wọ́n fi jiyàn lórí ìyẹn nìkan. Àárín rẹ̀ ni àwọn òṣìṣẹ́ kóòtù daṣẹ́ sílẹ̀ ní 2021, láti oṣù Kẹrin wọ oṣù Kẹfà. N kò bá àwọn akẹgbẹ́ mi wí, ẹ̀tọ́ wọn ni wọ́n ń jà fún, àmọ́ fáìlì tí ì bá ti parí ni ìdaṣẹ́sílẹ̀ náà wá bá nílẹ̀.

Ohun tí àtìbẹ̀rẹ̀ yìí ń ná ìlú kò fara sin. Wọ́n gbé Orji Uzor Kalu, gómìnà ìpínlẹ̀ Abia tẹ́lẹ̀, lọ sí kóòtù ní 2007, oṣù Kejìlá 2019 ni wọ́n tó dá a lẹ́bi, ẹ̀wọ̀n ọdún méjìlá. Oṣù Karùn-ún 2020, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ ní ìgbẹ́jọ́ náà kò bófin mu, nítorí pé wọ́n ti gbé adájọ́ tó gbọ́ ọ ga sí Kóòtù Kòtẹ́milọ́rùn kó tó parí rẹ̀, ó ní kí wọ́n bẹ̀rẹ̀ lákọ̀tun. Ọ̀rọ̀ ìṣègbè kọ́ ni tiẹ̀, ṣùgbọ́n ìgbà tí adájọ́ bá yí padà lágbedeméjì, ibì kan náà la máa ń já sí. Ti Nnamdi Kanu, olórí IPOB tó ń jà fún Biafra, ní Ilé Ẹjọ́ Gíga ti Ìjọba Àpapọ̀, ni ti ìṣègbè. Adájọ́ kan yọwọ́ nínú ẹjọ́ náà ní 2015, Adájọ́ John Tsoho yọwọ́ ní 2016, Adájọ́ Binta Nyako yọwọ́ ní oṣù Kẹsàn-án 2024 nígbà tí olùjẹ́jọ́ dìde tó ní òun ò fọkàn tán an mọ́. Tsoho tó ti yọwọ́ rí yẹn ló ti di Adájọ́ Àgbà ilé ẹjọ́ náà nígbà tí Nyako yọwọ́. Wọ́n kọ́kọ́ dá fáìlì padà fún Nyako, kó tó wá di ọdún 2025 tí wọ́n gbé e fún Adájọ́ James Omotosho. Èyí tó wù kí èèyàn wà lẹ́yìn nínú ọ̀rọ̀ náà, ọdún mẹ́wàá kì í ṣe ọjọ́ mẹ́wàá.

Olúwa mi, mo ti dé ibi tí mo ń lọ.

Tí pẹtíṣọ̀n bá dé ọ́fíìsì yín, ẹ jẹ́ kó ní ọjọ́ tí èsì rẹ̀ gbọ́dọ̀ jáde, kó má kọjá ọ̀sẹ̀ mélòó kan. Ẹ gbé e, ẹ má gbé e, ẹ kọ ìdí rẹ̀ sílẹ̀, kódà kó má ju ojú ewé kan lọ, kí olùjẹ́jọ́, agbẹjọ́rò ìjọba àti ẹbí ẹni tí wọ́n ṣe níkà gbà á lọ́wọ́ kan náà. Ìyá tó bímọ kì í ṣe onílé nínú ẹjọ́ ọ̀daràn, mo ti gbà, ṣùgbọ́n kò yẹ kó jẹ́ lára ògiri ló ti máa mọ̀ pé wọ́n ti gbé òkú ọmọ òun lọ síbòmíràn. Tí adájọ́ tí wọ́n fẹ̀sùn kàn kò bá ṣẹ̀, kí ìwé náà sọ bẹ́ẹ̀ ketekete. Tó bá sì ṣẹ̀, kò yẹ kí gbígbé fáìlì jẹ́ òpin rẹ̀. Àjọ NJC, tó ń bá adájọ́ tó bá ṣẹ̀ wí, wà ní Àbújá fún irú ìyẹn.

Kí pẹtíṣọ̀n lásán má sì dá ẹjọ́ dúró. Ẹni tó ń wá ìdádúró, ó ti rí i gbà lọ́jọ́ tó fi ìwé náà sílẹ̀ ní rẹ́jísítírì, kò tún nílò kí ẹ gbà fún un. Tí ẹlẹ́rìí bá sì ti bẹ̀rẹ̀, ẹ jẹ́ kí ohun tó máa mú yín gbé e wúwo ju "ẹ fún wọn lómi" lọ.

Èyí tó kàn, ọ̀dọ̀ àwọn adájọ́ fúnra wọn ló ti máa wá. Ọjọ́ àkọ́kọ́, kí wọ́n tó ka ẹ̀sùn, kí adájọ́ máa sọ ọ́ síta: mo mọ bàbá olùjẹ́jọ́, a jọ wà ní ẹgbẹ́ báyìí; mo bá lọ́yà yìí ṣiṣẹ́ rí; ẹni tó bá ní ohun tó fẹ́ sọ, kó sọ ọ́ báyìí. Mo ti rí adájọ́ méjì tó ń ṣe bẹ́ẹ̀ láìsí ẹni tó fi dandan mú wọn. Ẹ̀rín ló máa ń pa àwọn èèyàn, ojú á sì wálẹ̀. Ẹni tó bá dákẹ́ lọ́jọ́ yẹn, ó máa ṣòro fún un láti yọ fọ́tò aṣọ ẹbí síta lẹ́yìn ẹlẹ́rìí kẹta. Kí ògbufọ̀ sì gbé ọ̀rọ̀ náà fún olùjẹ́jọ́ bí adájọ́ ṣe sọ ọ́, láìyọ ohun kan kúrò. Tí adájọ́ bá bú u, kó túmọ̀ èébú náà. Mo bẹ̀ yín, ẹ fi ìyẹn sínú ohun tí ẹ ó máa kọ́ àwọn tó ń ṣe iṣẹ́ tí mo fi sílẹ̀.

Ó ku àwọn tí kò lè kọ pẹtíṣọ̀n. Àwọn tó ń rí yín gbà ni àwọn tó ní lọ́yà tó lè tẹ ojú ewé mẹ́rìnlá. Ọmọ tó wà ní ọgbà ẹ̀wọ̀n Agódì tó ń retí ìmọ̀ràn DPP, ọ̀gá àwọn agbẹjọ́rò ìjọba, lórí ẹjọ́ rẹ̀, tí májísíréètì ti pè ní olè lójú ara rẹ̀, kò mọ̀ pé ẹnu òun lè dé ọ̀dọ̀ yín. Tí ẹ bá lọ sí ọgbà ẹ̀wọ̀n láti wo àwọn tó ti pẹ́ jù níbẹ̀, bí àwọn Adájọ́ Àgbà ṣe máa ń lọ, ẹ bi wọ́n léèrè ìyẹn náà, kì í ṣe iye ọdún nìkan. Ẹ sì jẹ́ kí fọ́ọ̀mù kan wà, kúkurú, ní Yorùbá, tí ẹni tí kò ní lọ́yà lè sọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ sí níwájú wọ́dà tàbí ní rẹ́jísítírì: orúkọ mi, nọ́ńbà ẹjọ́ mi, ohun tí adájọ́ sọ tàbí ohun tí mo mọ̀ nípa rẹ̀, ọjọ́ tí mo mọ̀ ọ́n, ẹni tó wà níbẹ̀.

Tó bá jẹ́ ẹni tó máa kọ ọ́ ní Yorùbá tó tọ́ ni kò sí, mo wà nílé ní Òkè-Àdó, orí mi ṣì pé, awò ojú mi nìkan ni mo máa wá. N kò gba owó. Mo ti jẹ gbèsè ìtumọ̀ kan láti ọdún wọ̀nyẹn.

Èmi ni tiyín nínú iṣẹ́ ìlú,
Ògbufọ̀ kóòtù tó ti fẹ̀yìn tì,
Òkè-Àdó, Ìbàdàn